Bí ẹnì kan bá kúrò nínú ẹgbẹ́ ẹlẹ́ni mẹ́rin, ṣé ẹgbẹ́ náà ṣì ni? Ìtàn Beethoven Quartet ti Moscow

FíólàÌkẹjà kọ:

Ẹ kú ilé o, ẹ̀yin ará wa. Ọ̀rọ̀ kan ń jẹ mí lọ́kàn, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi dá sí i.

Ọdún kẹfà rèé tí àwa mẹ́rin ti jọ ń ta orin olókùn ní ṣọ́ọ̀ṣì wa: fáyólìn méjì, fíólà tí í ṣe tèmi, àti ṣẹ́lò. Lóṣù tó kọjá, ẹni tó ń ta fáyólìn kejì kó lọ sí Kánádà. Ọ̀gá akọrin wa ní tí a bá mú ẹlòmíì, ká yáa yí orúkọ ẹgbẹ́ padà, pé ẹgbẹ́ àná ti lọ nìyẹn. Ó dùn mí wọra. Mo wá bẹ̀rẹ̀ sí í wo bí àwọn ẹgbẹ́ tó lórúkọ láyé ṣe ṣe tiwọn. Ibẹ̀ ni mo ti kan Beethoven Quartet ti Moscow, àwọn tí Dmitri Shostakovich, gbajúgbajà ọmọ Rọ́ṣíà tó ń kọ orin sílẹ̀, ń kọ orin fún. Ohun tí mo rí ni pé wọ́n wà pa pọ̀ fún nǹkan bí ogójì ọdún kí ẹnikẹ́ni tó kúrò, kí àìsàn àti ikú tó wá bẹ̀rẹ̀ sí í mú wọn lọ́kọ̀ọ̀kan.

Ṣé wọ́n yí orúkọ padà? Kí ni Shostakovich ṣe sí i? Ẹni tó bá mọ̀ ọ́n, kó là mí lóye.

BàbáDùùrù kọ:

Ọmọ mi, o káre. Ó ti lé lọ́gbọ̀n ọdún tí mo ti ń gbọ́ àwọn èèyàn yìí lórí àwo, mi ò sì tíì gbọ́ wọn tán.

Nǹkan bí ọdún 1923 ni wọ́n dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀. Ọ̀dọ́ ni wọ́n nígbà náà, wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ń jáde ní ilé-ẹ̀kọ́ gíga orin ti Moscow ni. Dmitri Tsyganov ló ń ta fáyólìn àkọ́kọ́, Vasily Shirinsky ń ta ìkejì, Vadim Borisovsky ń ta fíólà, Sergei Shirinsky sì ń ta ṣẹ́lò. Tẹ̀gbọ́n-tàbúrò ni àwọn Shirinsky méjèèjì. Orúkọ ilé-ẹ̀kọ́ wọn ni wọ́n kọ́kọ́ ń jẹ́, ọdún 1931 ni wọ́n tó gba orúkọ Beethoven. Nítorí náà wọ́n yí orúkọ padà lẹ́ẹ̀kan o, àmọ́ àwọn mẹ́rin yẹn náà ni wọ́n jẹ́ ṣáájú, àwọn náà ni wọ́n jẹ́ lẹ́yìn rẹ̀. Nígbà tí èèyàn wá bẹ̀rẹ̀ sí í kúrò, wọn ò fọwọ́ kan orúkọ mọ́.

Ní 1940, Shostakovich jókòó sídìí píánò, àwọn mẹ́rin yìí yí i ká, wọ́n sì jọ ta orin ẹlẹ́ni márùn-ún rẹ̀ fún ìgbà àkọ́kọ́ ní Moscow. Ọdún kejì, orin náà gba Ẹ̀bùn Stalin. Láti Kúátẹ́ẹ̀tì Kejì rẹ̀ (orin tí a kọ fún ẹlẹ́ni mẹ́rin là ń pè ní kúátẹ́ẹ̀tì) ní 1944, ọwọ́ wọn ló ń fi orin sí. Ìkẹta àti Ìkarùn-ún, ẹgbẹ́ náà lápapọ̀ ló fi wọ́n ta lọ́rẹ. Lẹ́yìn tí ìjọba Sófíẹ́ẹ̀tì le mọ́ Shostakovich ní 1948, ó kọ Ìkẹrin àti Ìkarùn-ún, ó sì fi wọ́n pamọ́. Ìgbẹ̀yìn 1953, lẹ́yìn tí Stalin kú, ni àwọn Beethoven tó gbé méjèèjì jáde fáyé gbọ́.

Ẹni àkọ́kọ́ tó kúrò ni Borisovsky, onífíólà bíi tìẹ. Ní 1964, ara rẹ̀ ò gbé e mọ́. Akẹ́kọ̀ọ́ tí òun fúnra rẹ̀ kọ́, Fyodor Druzhinin, ló bọ́ sórí àga rẹ̀. Ọdún kejì, Vasily Shirinsky kú, àga fáyólìn kejì ṣófo. Ibẹ̀ gan-an ni ìbéèrè tìrẹ yìí ti ṣẹ́ yọ láàárín wọn: ṣé ká tú ká ni? Shostakovich ló rọ̀ wọ́n pé wọn ò gbọdọ̀ tú ká, pé kí ẹgbẹ́ náà máa bá a lọ. Nikolai Zabavnikov wá jókòó síbi tí Vasily ti dìde. Ọdún 1966, Shostakovich gbé Kúátẹ́ẹ̀tì Kọkànlá lé wọn lọ́wọ́, ó kọ ọ́ sí i lórí pé ìrántí Vasily Shirinsky ni.

Iná kú, ó fi eérú bojú. Ọ̀gẹ̀dẹ̀ kú, ó fi ọmọ rẹ̀ rọ́pò. Ohun tí mo rí nínú ọ̀rọ̀ Borisovsky àti Druzhinin nìyẹn.

AdéléOnílù kọ:

Bàbá, ẹ ṣeun gan-an. Èmi kì í ṣe ará orin òyìnbó, dùndún ni mò ń lù. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo ka ọ̀rọ̀ yín, mo lọ wá Kúátẹ́ẹ̀tì Kọkànlá yẹn gbọ́. Abala méje ni, wọ́n so kọ́ra láìsí ìdánudúró. Kò gùn, kò tó ogún ìṣẹ́jú. Ohun kan wà ní abala karùn-ún tó mú mi dìde lórí àga.

Ẹnì kan ń ta ohùn méjì péré. Ìkan lókè, ìkan nísàlẹ̀, lókè, nísàlẹ̀, láti ìbẹ̀rẹ̀ abala náà dé òpin. Àwọn yòókù ń sáré kiri, wọ́n ń bú ramúramù, òun ò yẹ̀. Mo ní gúdúgúdú rèé! Ẹni tó ń lu gúdúgúdú kì í pa òwe, kì í ki ọba, bákan náà ló ń lù látàárọ̀ dalẹ́. Ìyáàlù ni gbogbo èèyàn ń wò. Àmọ́ jẹ́ kí gúdúgúdú dákẹ́ láàárín kan, kí o wo bí ẹsẹ̀ oníjó ṣe máa kọ́lẹ̀.

Ta ló ń ta ohùn méjì yẹn, Bàbá?

BàbáDùùrù kọ:

Adélé, etí rẹ là. Fáyólìn kejì ni. G àti E, bíi "s, m" nínú sọ́fà tí a fi ń kọ́ orin ní ṣọ́ọ̀ṣì. Ohun èlò Vasily tó kú nìyẹn.

Wò ó dáadáa. Ọkùnrin yìí ti jókòó sápá òsì Tsyganov fún ogójì ọdún ó lé. Fáyólìn àkọ́kọ́ ló ń gba ìyìn, òun ló ń gbé e ró. Nígbà tí Shostakovich fẹ́ ṣèrántí rẹ̀, kò fún àga rẹ̀ ní orin aláràbarà. Ohùn méjì ló fún un. Ẹni tó sì kọ́kọ́ ta ohùn méjì náà níwájú èrò ni Zabavnikov, ẹni tuntun. Leningrad ni, May 28, 1966. Òru ọjọ́ náà ni àìsàn ọkàn kọ lu Shostakovich, tó fi di èrò ọsibítù.

Ẹ fetí sí abala tó tẹ̀ lé e pẹ̀lú, ìyẹn ìkẹfà, orin arò ni. Lẹ́yìn ohùn méjì tó ń sáré yẹn, ilẹ̀ á rọ̀ wọ̀ọ̀. Bí ilé òkú lẹ́yìn tí àwọn àlejò ti lọ ni.

ÌyáÌbejì_London kọ:

Ẹ kú iṣẹ́ o, Bàbá. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n gbé ẹ̀gbẹ́ kejì ọ̀rọ̀ náà wá, nítorí mi ò fara mọ́ ọn pé gbogbo ẹgbẹ́ ló yẹ kó rọ́pò èèyàn.

Nílùú tí mo wà yìí, Amadeus Quartet là ń sọ. Norbert Brainin, Siegmund Nissel àti Peter Schidlof jẹ́ Júù tó sá kúrò ní Vienna lẹ́yìn tí Hitler gba Ọ́síríà ní 1938. Wọ́n dé Ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ogun bẹ́, ìjọba ní ọmọ ilẹ̀ ọ̀tá ni wọ́n, ó kó wọn sí àtìmọ́lé. Inú àgọ́ ni wọ́n ti dọ̀rẹ́! Nígbà tí wọ́n jáde, olùkọ́ kan tó ń jẹ́ Max Rostal kọ́ wọn láìgba kọ́bọ̀. Fáyólìn ni àwọn mẹ́tẹ̀ẹ̀ta ń ta. Schidlof ló gbà láti lọ ta fíólà kí wọ́n lè pé. Martin Lovett, ọmọ ìbílẹ̀ ibí, mú ṣẹ́lò wá. January 10, 1948 ni wọ́n fi orúkọ Amadeus ta fún ìgbà àkọ́kọ́ ní Wigmore Hall. Mo máa ń gba iwájú gbọ̀ngàn yẹn kọjá tí mo bá ń bọ̀ níbi iṣẹ́, mo sì máa ń rántí wọn.

Láti ọjọ́ náà títí di 1987, ẹnikẹ́ni ò kúrò, ẹnikẹ́ni ò wọlé. Ní 1987, Schidlof kú. Àwọn mẹ́ta tó kù ò wá ẹlòmíì. Ó parí. Ọ̀pọ̀ onífíólà tó dáńgájíá ló wà ní London nígbà náà, ẹni tí wọ́n bá pè á sì sáré wá. Wọn ò pe ẹnikẹ́ni. Fún èmi, ìyẹn náà jẹ́ ìrántí. Àwọn tó jọ jẹ ìyà àtìmọ́lé, ta lẹ fẹ́ mú wá tó máa mọ ohun tí wọ́n mọ̀?

Ọmọ Ìkẹjà, kò burú tí ọ̀gá akọrin rẹ bá sọ ohun tó sọ. Má bínú sí i jù.

FíólàÌkẹjà kọ:

Ẹ ṣeun, Mọ̀mí. Ọ̀rọ̀ yín wọ̀ mí lára. Mi ò mọ ìtàn àtìmọ́lé yẹn tẹ́lẹ̀. Àmọ́ ẹni tiwa ò kú, ó ń bẹ ní Kánádà, àná gan-an ló fi àwòrán yìnyín ránṣẹ́. Òun náà ló ń sọ pé ká mú ẹlòmíì.

Onítàn_Ìbàdàn kọ:

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gbàgbé Budapest Quartet. Àwọn tó ń ta ohun èlò orin ní ilé opera ìlú Budapest ló dá a sílẹ̀ ní 1917. Wọ́n ṣòfin pé ìbò ni wọ́n á máa fi yanjú gbogbo àríyànjiyàn. Ní 1927, Joseph Roisman wọlé, ará Odessa. Ní 1930, Mischa Schneider wọlé pẹ̀lú ṣẹ́lò. Ọdún méjì lẹ́yìn náà, àbúrò rẹ̀ Alexander dé. Ní 1936, Boris Kroyt gba fíólà. Bí ọmọ Họ́ngárì tó kẹ́yìn ṣe jáde nìyẹn. Mẹ́rẹ̀ẹ̀rin wá di ọmọ ilẹ̀ Rọ́ṣíà àtijọ́, wọ́n ń jẹ́ Budapest, wọ́n sì fi orúkọ náà ṣe ọ̀pọ̀ ọdún ní Ilé-Ìkàwé Ìjọba Àpapọ̀ ní Washington, lórí ohun èlò tí Stradivari ṣe. Ọdún 1967 ni wọ́n tó jáwọ́. Gbogbo ayé ló ń pè wọ́n ní Budapest, kò sẹ́ni tó bi wọ́n pé ìlú wo lẹ ti wá.

Ẹgbẹ́ Takács Quartet náà ńkọ́? Ọmọ ilé-ẹ̀kọ́ mẹ́rin ní Budapest, 1975. Ní 1993, Gábor Takács-Nagy, ẹni tí ẹgbẹ́ ń jẹ́ orúkọ rẹ̀, jáde. Gẹ̀ẹ́sì kan, Edward Dusinberre, bọ́ sáyè rẹ̀. Lẹ́yìn náà Gábor Ormai onífíólà ṣàìsàn jẹjẹrẹ, ó kú ní 1995. Nígbà tó fi máa di 2020, András Fejér onísẹ́lò nìkan ló kù nínú àwọn mẹ́rin àkọ́kọ́. Orúkọ ò yí.

Ṣùgbọ́n Bàbá Dùùrù, ìbéèrè kan. Mo gbọ́ pé àwọn Beethoven yìí ló kọ́kọ́ ta gbogbo kúátẹ́ẹ̀tì Shostakovich, mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Ṣé òótọ́ ni?

BàbáDùùrù kọ:

Rárá o, ó ku díẹ̀. Ẹgbẹ́ Glazunov ti Leningrad ló kọ́kọ́ ta Ìkínní ní 1938. Láti Ìkejì dé Ìkẹrìnlá, tàwọn Beethoven ni. Ìkẹẹ̀ẹ́dógún bọ́ mọ́ wọn lọ́wọ́, màá sọ bó ṣe jẹ́, ó ba èèyàn nínú jẹ́.

Ìyá Ìbejì, ẹ kú ọ̀rọ̀ Amadeus. Mi ò bá yín jiyàn, ohun tó bá àwọn yẹn mu ni wọ́n ṣe. Ohun tí mo fẹ́ kí ọmọ yìí rí ni ohun tó ṣẹlẹ̀ ní Moscow lẹ́yìn Ìkọkànlá, nítorí pé ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ náà ti lọ́ràá.

Àwọn àgbà wa ní ọjọ́ a bá kú là á dère, èèyàn ò sunwọ̀n láàyè. Shostakovich ò jẹ́ kó rí bẹ́ẹ̀ fún àwọn mẹ́ta tó kù. Lẹ́yìn tí Vasily lọ, ó bẹ̀rẹ̀ sí í kọ ti ẹnì kọ̀ọ̀kan fún un lójú ayé rẹ̀. Ìkejìlá ní 1968, ti Tsyganov. Ìkẹtàlá ní 1970, ti Borisovsky. Ìkẹrìnlá ní 1973, ti Sergei Shirinsky. Ó ti ń ṣàìsàn gidi lákòókò yẹn, ọwọ́ ọ̀tún rẹ̀ ti ń kọ iṣẹ́, síbẹ̀ ó ń kọ ọ́.

Ìkẹrìnlá: fíólà ló máa kọ́kọ́ gbóhùn, ohùn kan ṣoṣo lásọtúnsọ, ni ṣẹ́lò á bá wọlé pẹ̀lú orin tirẹ̀ bí ẹni tó ń rìn bọ̀ láti òkèèrè. Ní abala ìgbẹ̀yìn, Shostakovich mú orin kan jáde láti inú opera rẹ̀ *Lady Macbeth*, ibi tí obìnrin náà ti ń pe olólùfẹ́ rẹ̀ ní "Seryozha". Orúkọ tí wọ́n fi ń ké Sergei nílé nìyẹn. Ẹ rántí pé opera yẹn ni ìwé ìròyìn *Pravda* bú ní 1936 débi tí ẹ̀rù fi ba gbogbo ẹni tó mọ̀ ọ́n. Ó wá yọ ẹ̀ka kan níbẹ̀, ó fi ké ọ̀rẹ́ rẹ̀ lórúkọ. Sergei fúnra rẹ̀ ló sì ta á, ní Leningrad, oṣù Kọkànlá 1973.

Ọdún tó tẹ̀ lé e ni Ìkẹẹ̀ẹ́dógún dé. Abala mẹ́fà, gbogbo rẹ̀ ló ń lọ jẹ́ẹ́jẹ́ẹ́. Àwọn Beethoven ti ń dánra wò lórí rẹ̀ nígbà tí Sergei kú, October 18, 1974. Àìsàn ti dé sí Shostakovich lára, kò lè dúró de ìgbà tí wọ́n á tún ara wọn tò. Ẹgbẹ́ Taneyev ti Leningrad ló bá a gbé e jáde ní oṣù tó tẹ̀ lé e. Àwọn Beethoven wá onísẹ́lò mìíràn, Yevgeny Altman, wọ́n sì ta á ní Moscow ní oṣù Kìíní 1975. Tsyganov nìkan ló kù nínú àwọn mẹ́rin tó bẹ̀rẹ̀.

AdéléOnílù kọ:

Bàbá, ẹ dúró díẹ̀. Ẹ ní Borisovsky ti fẹ̀yìn tì ní 1964. Ẹ tún ní 1970 ni Shostakovich kọ Ìkẹtàlá fún un. Ta ló wá ta á?

BàbáDùùrù kọ:

Druzhinin, akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀.

Ọ̀gá wà láàyè. Wọ́n kọ orin fún un, fíólà ló gba iwájú nínú rẹ̀, ọmọ tó kọ́ ló jókòó sórí àga rẹ̀ tó ń ta á. Ọdún méjì lẹ́yìn rẹ̀, 1972, ni Borisovsky kú.

FíólàÌkẹjà kọ:

Ẹ jẹ́ kí n sọ nípa Ìkẹtàlá yẹn, nítorí mo ti gbé ìwé orin rẹ̀ síwájú ara mi láti ọ̀sẹ̀ méjì.

Abala kan ṣoṣo ni látòkèdélẹ̀. Fíólà ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, òun nìkan, láìsí ẹni tó ń gbè é. Láàárín rẹ̀, Shostakovich ní kí wọ́n máa fi igi ọ̀pá tí a fi ń fa okùn kan ara ohun èlò, kò, kò, bí ẹni kan ilẹ̀kùn. Ìgbà àkọ́kọ́ tí mo ṣe é nínú yàrá mi, ìyá mi dé wá bi mí pé ta ló ń kanlẹ̀kùn. Ní ìparí, àwọn tó kù dákẹ́, fíólà tún dá wà, ó ń gòkè, ó ń gòkè, títí tó fi dé B-flat kan lókè pátápátá, níbi tí àyè ìka ti fẹ́rẹ̀ẹ́ tán lójú okùn. Ibẹ̀ ni fáyólìn méjèèjì á wá bá a, lórí ohùn yẹn kan náà, mẹ́tẹ̀ẹ̀ta á jọ mú un láti jẹ́jẹ́ títí á fi di igbe.

Ẹ̀ẹ̀melòó ni mo ti gbìyànjú rẹ̀! Tí ọwọ́ mi bá gòkè díẹ̀ jù, ó ti ṣì. Tó bá rẹlẹ̀ díẹ̀, ó ti ṣì. Mo wá ń ro Druzhinin lálẹ́ ọjọ́ tó kọ́kọ́ ta á ní Leningrad, tó mọ̀ pé ohùn ọ̀gá òun lòun ń mú, tí ọ̀gá náà sì wà láyé. Ẹ ò rí i pé kò ṣe bí ẹni tó gba àga olóògbé? Àwọn fáyólìn tó wá bá a lókè yẹn, ìkan nínú wọn ni Zabavnikov, òun náà jẹ́ ẹni tuntun.

ÌyáÌbejì_London kọ:

Ọmọ mi, o ti mú mi sunkún nínú bọ́ọ̀sì. Mo ṣì dúró lórí ti Amadeus o. Ṣùgbọ́n mo ti gbọ́ ohun tí ò ń sọ.

Bàbá Dùùrù, ìbéèrè kan ló kù lọ́kàn mi. Àwọn mẹ́rin àtijọ́ ní orin kọ̀ọ̀kan. Àwọn tuntun ńkọ́? Ṣé Shostakovich kà wọ́n sí ẹni tirẹ̀ ni, àbí agbápò lásán?

BàbáDùùrù kọ:

Ìyá Ìbejì, ẹ ti bá mi débi tí mo ń lọ.

Orin tó kẹ́yìn tí Shostakovich kọ láyé rẹ̀, ti fíólà àti píánò ni. Oṣù Keje 1975 ló parí rẹ̀. August 9 ló kú. Orúkọ tó kọ sórí rẹ̀ ni ti Fyodor Druzhinin. Druzhinin ta á fún gbogbo èèyàn ní Leningrad ní October 1, 1975, Mikhail Muntyan wà nídìí píánò, ẹni tó kọ ọ́ ò sí níbẹ̀ mọ́.

Ọdún kọkànlá nìyẹn tó ti wà lórí àga Borisovsky.

Onítàn_Ìbàdàn kọ:

Mo dúpẹ́ gidigidi, Bàbá. Mo ti tún ohun tí mo kọ sílẹ̀ tẹ́lẹ̀ ṣe, mẹ́tàlá ni mo fi síbẹ̀ báyìí, Ìkejì dé Ìkẹrìnlá.

FíólàÌkẹjà kọ:

Ẹ ṣeun, gbogbo yín. Mo tẹ ọ̀rọ̀ Druzhinin yẹn sórí bébà, mo mú un lọ fún ọ̀gá akọrin wa lánàá. Ó kà á lórí ìdúró, ó tún jókòó kà á. Ó ní ká ṣì máa jẹ́ orúkọ wa títí di ọjọ́ Ìkórè, pé òun á gbọ́ wa kóun tó sọ̀rọ̀ mọ́.

Ẹni tuntun náà ń bọ̀ ní Sátidé. Ọmọ ọdún mọ́kàndínlógún ni, ojú ń tì í. Àwọn orin ṣọ́ọ̀ṣì tí a máa ń ta ni a máa kọ́kọ́ ṣe. Lẹ́yìn náà, mo fẹ́ gbé abala karùn-ún Ìkọkànlá síwájú rẹ̀. Ṣé kò ní le jù, Bàbá?

BàbáDùùrù kọ:

Ohùn méjì ò le láti tẹ̀, títa á lọ láìyẹ̀ ló le. Kó má ṣe tẹ ìkan ju èkejì lọ. Ẹ jẹ́ kó kọ́kọ́ dá a ta títí tí ọwọ́ rẹ̀ á fi balẹ̀, kí ẹ tó wọlé lọ́kọ̀ọ̀kan: ṣẹ́lò, ìwọ, kí fáyólìn àkọ́kọ́ wá kẹ́yìn. Tí ẹ bá sì ṣi ọ̀nà, ẹ má dá a dúró. Ẹ̀yin ni kí ẹ wá a padà bá.